Patanmọ́

Patanmọ́, tí àwọn onímọ̀ ewéko ń pè ní Mimosa pudica, jẹ́ ewéko kékeré ẹlẹ́gùn-ún tó ń fà nílẹ̀. Ilẹ̀ olóoru Amẹ́ríkà ni orírun rẹ̀, ṣùgbọ́n ó ti di ará ilé ní ilẹ̀ Yorùbá. Etí ọ̀nà àti ilẹ̀ tí a kò tíì kọ́lé sí ló fẹ́ràn, irú èyí tí kò pọ̀ mọ́ láàárín Oṣòdì àti Ìsọlọ̀ ní Ìpínlẹ̀ Èkó.

Bí a bá fọwọ́ kàn án, yóò pa ewé rẹ̀ dé lẹ́sẹ̀kan náà, bí ẹni tí ojú ń tì tó pa itan mọ́. Ibẹ̀ ni orúkọ rẹ̀ ti wá. Omi tó sá kúrò ní apá kan oríkèé ewé náà ló ń fà á.

Èyí tó jinlẹ̀ jù ni pé ó tún máa ń padé lálẹ́ láìsí ẹni tó fọwọ́ kàn án, á sì ṣí lówùúrọ̀. Ènìyàn lè rò pé oòrùn ló ń jí i. Ní ọdún 1729, Jean-Jacques d'Ortous de Mairan, onímọ̀ ìràwọ̀ ará Faransé, gbé irú ewéko bẹ́ẹ̀ sínú òkùnkùn. Síbẹ̀ kò dẹ́kun ṣíṣí àti pípadé. Ní 1832, Augustin de Candolle rí i pé bí ìmọ́lẹ̀ kò bá yí padà, wákàtí 22 sí 23 ni patanmọ́ fi ń ka ọjọ́ kan. Oòrùn kọ́ ló ni aago náà, nítorí wákàtí 24 ni tirẹ̀; ìmọ́lẹ̀ àárọ̀ kàn ń tún un ṣe lójoojúmọ́ ni.