Ẹ̀yáwó Ilé: Èló Gan-an ni Ẹ Ó San Kí Ilé Tó Di Tiyín?

Nígbà tí òṣìṣẹ́ bá fẹ́ yá owó ra ilé tàbí kọ́lé, ìbéèrè kìíní tí ó máa ń bọ́ sí i lẹ́nu ni pé, "Èló ni wọn yóò máa yọ nínú owó oṣù mi?" Ìbéèrè gidi ni, nítorí ẹni tí kò mọ iye tí yóò ṣẹ́ kù fún oúnjẹ àti owó ilé-ìwé ọmọ kò gbọdọ̀ tọwọ́ bọ ìwé ẹ̀yáwó kankan. Ṣùgbọ́n ìbéèrè yẹn nìkan kò tó. Iye tí wọ́n ń yọ lóṣooṣù lè kéré, kí ilé ọ̀hún sì wá wọ́n ju èyí tí a ń san owó ńlá lé lórí lọ. Ìdí nìyí tí a fi fẹ́ ṣàlàyé fún ẹ̀yin ará Ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ bí ẹ̀yáwó tí a fi ilé fúnra rẹ̀ dógò, èyí tí àwọn báńkì ń pè ní mortgage, ṣe ń ṣiṣẹ́ láti ọjọ́ tí ẹ bá gbà á títí di ọjọ́ tí ẹ ó san kọ́bọ̀ ìkẹyìn.

Àwọn baba wa mọ ìyàtọ̀ tó wà láàárín ojú owó àti èlé. Ẹni tí ó bá yá owó, tí ó sì fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà, yóò máa ṣiṣẹ́ lóko olówó. Iṣẹ́ yẹn ni èlé. Bí ó ti wù kí ìwọ̀fà ṣiṣẹ́ pẹ́ tó, ojú owó kò dín. Ọjọ́ tí wọ́n bá kó owó náà wá pé pérépéré ni ó tó dòmìnira. Òfin ti fòpin sí ìwọ̀fà láti ayé ìjọba amúnisìn. Ẹ̀yáwó ilé òde òní sì sàn ju ìyẹn lọ, nítorí pé owó tí a ń san lóṣooṣù ń san èlé, ó sì ń san díẹ̀ lára ojú owó pẹ̀lú. Inú "díẹ̀" yẹn gan-an ni ọ̀rọ̀ wà.

Ẹ jẹ́ kí a fi mílíọ̀nù 10 náírà ṣe àpẹẹrẹ. Kì í ṣe pé iye yẹn tó ra ilé púpọ̀ ní Ìbàdàn lónìí, ṣùgbọ́n ó rọrùn láti fi ṣírò: ẹni tí ó bá fẹ́ yá mílíọ̀nù 20 yóò kàn sọ gbogbo iye tí a bá dá di ìlọ́po méjì.

A ó bẹ̀rẹ̀ láti orí ètò ìjọba àpapọ̀ tí a mọ̀ sí National Housing Fund, NHF, èyí tí òfin ọdún 1992 dá sílẹ̀. Òṣìṣẹ́ tí ó wà nínú ètò náà ń dá ìdá 2.5 nínú ọgọ́rùn-ún owó oṣù rẹ̀ sínú àpò kan, Federal Mortgage Bank of Nigeria ni ó sì ń bójú tó àpò ọ̀hún. Báńkì yìí kì í ṣe ọmọdé: Nigerian Building Society ni wọ́n ń pè é nígbà tí wọ́n dá a sílẹ̀ ní ọdún 1956, ọdún 1977 ni ó sì gba orúkọ tí ó ń jẹ́ lónìí. Èlé tí a mọ̀ mọ́ ẹ̀yáwó NHF láti ọ̀pọ̀ ọdún ni ìdá 6 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún, ẹni tí ọjọ́ orí rẹ̀ bá sì gbà á lè ní tó ọdún 30 láti fi san án.

Bí a bá yá mílíọ̀nù 10 náírà ní ìdá 6 fún ọdún 30, ₦59,955 ni a ó máa san lóṣù. Èyí kò fi bẹ́ẹ̀ wúwo. Àmọ́ ní oṣù kìíní, ₦50,000 nínú owó yẹn ni èlé, ₦9,955 péré ni ó sì wọ inú ojú owó. Ní oṣù kejì, èlé yóò dín ní nǹkan bí àádọ́ta náírà, ojú owó yóò sì gba àádọ́ta náírà yẹn kún tirẹ̀. Báyìí ni yóò máa lọ díẹ̀díẹ̀. Nígbà tí ọdún mẹ́wàá bá pé, a ó ti san ohun tí ó lé ní mílíọ̀nù 7 náírà, síbẹ̀ gbèsè tí ó kù lọ́rùn wa yóò jẹ́ nǹkan bí ₦8,368,600. Ẹni tí kò mọ èyí tẹ́lẹ̀ lè rò pé wọ́n ti rẹ́ òun jẹ. Wọn kò rẹ́ ẹ jẹ. Lórí gbèsè tí ó ṣẹ́ kù ni wọ́n ń ṣírò èlé lóṣooṣù, níwọ̀n ìgbà tí gbèsè náà sì pọ̀ jù ní ìbẹ̀rẹ̀, ìbẹ̀rẹ̀ náà ni èlé yóò ti pọ̀ jù. Nígbà tí ọdún 30 bá fi pé, nǹkan bí mílíọ̀nù 21.6 náírà ni yóò ti jáde lápò wa fún mílíọ̀nù 10 tí a yá.

Bí ẹni náà bá sọ pé ọdún 15 ni òun fẹ́, ₦84,386 ni yóò máa san lóṣù. Àfikún náà kò ju nǹkan bí ₦24,400 lọ. Ṣùgbọ́n gbogbo ohun tí yóò san jálẹ̀ kò ní ju mílíọ̀nù 15.2 lọ, èyí tí ó fi ohun tí ó lé ní mílíọ̀nù 6 náírà dín sí ti ọlọ́dún 30. Ilé kan náà ni, báńkì kan náà ni, ìdá èlé kan náà sì ni. Iye ọdún nìkan ni ó yàtọ̀.

Ọ̀rọ̀ tún wá le ju bẹ́ẹ̀ lọ bí a bá kúrò lọ́dọ̀ NHF tí a lọ sí báńkì tí ń yáni lówó ní iye ọjà. Ká ní ìdá 24 nínú ọgọ́rùn-ún ni báńkì dá, kí ó sì fún wa ní ogún ọdún. ₦201,741 ni a ó máa san lóṣù. Ní oṣù kìíní, ₦200,000 ni èlé. ₦1,741 ni ó wọ inú ojú owó. A kò ṣi nọ́ńbà yìí kọ. Lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, a ó ti san ohun tí ó lé ní mílíọ̀nù 24 náírà, a ó sì tún jẹ nǹkan bí mílíọ̀nù 9.15. Ní ìparí, ohun tí a san yóò lé díẹ̀ ní mílíọ̀nù 48. Ẹni tí ó bá ní agbára láti máa mú ₦200,000 sílẹ̀ lóṣooṣù láìyẹ̀ gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ bi ara rẹ̀ bóyá ọ̀nà tí ọ̀pọ̀ ènìyàn ń gbà kọ́lé nílùú wa, kí a ra ilẹ̀, kí a gé búlọ́ọ̀kù, kí a kan òrùlé, kí a sì kó wọ inú yàrá méjì ná, kò ní yá a ju èyí lọ.

Ohun mìíràn tí ó fara sin nínú ìwé àdéhùn irú báńkì bẹ́ẹ̀ ni gbólóhùn kan tí ó máa ń sọ pé báńkì lè yí ìdá èlé padà bí ọjà owó bá ṣe rí. Ẹ má ṣe fojú fo gbólóhùn yìí. Ìdá tí Báńkì Àpapọ̀ Nàìjíríà fi ń darí èlé jẹ́ 11.5 nínú ọgọ́rùn-ún ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2022. Nígbà tí yóò fi di oṣù Kọkànlá ọdún 2024, ó ti di 27.5. Ká ní ẹnìkan ti yá mílíọ̀nù 10 ní ìdá 15 fún ogún ọdún, tí ó ń san ₦131,679 lóṣù, tí báńkì sì gbé èlé lọ sí ìdá 24 lẹ́yìn ọdún méjì. Ohun tí yóò máa san yóò fò sókè sí nǹkan bí ₦199,000. Kò yá kọ́bọ̀ kún ti tẹ́lẹ̀. Bí owó oṣù rẹ̀ kò bá fò bẹ́ẹ̀, ilé náà ti wà nínú ewu, nítorí ìwé tí ó fọwọ́ sí fún báńkì ní ẹ̀tọ́ láti tà á bí ó bá kùnà láti san gbèsè. Nítorí náà, ẹ béèrè bóyá èlé náà dúró lójú kan tàbí ó lè yí, kí ẹ sì jẹ́ kí wọ́n fi ìdáhùn náà hàn yín nínú ìwé. Ọ̀rọ̀ ẹnu òṣìṣẹ́ báńkì kò tó.

Àwọn kan yóò ní àwọn kò ní nǹkan ṣe pẹ̀lú báńkì, pé ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ni àwọn ti ń yá owó. Ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ti ran ọ̀pọ̀ ìdílé lọ́wọ́ ní ìpínlẹ̀ yìí, a kò sì ní sọ̀rọ̀ rẹ̀ láìdáa. Ẹ ṣáà wádìí bí wọ́n ṣe ń ṣírò èlé. Bí ènìyàn bá yá mílíọ̀nù 1 náírà fún ọdún márùn-ún ní ìdá 12, tí wọ́n sì ń gba èlé lórí gbogbo mílíọ̀nù náà lọ́dọọdún bí ẹni pé kò tíì san nǹkan kan, ₦600,000 ni èlé. Bí ó bá jẹ́ orí èyí tí ó ṣẹ́ kù ni wọ́n ń ṣírò rẹ̀, nǹkan bí ₦334,700 ni. Ìdá 12 ni àwọn méjèèjì ń jẹ́ lẹ́nu, ṣùgbọ́n ti àkọ́kọ́ lé ní ìdá 20 bí a bá fi òṣùwọ̀n ti èkejì wọ̀n ọ́n.

Òótọ́ ni pé ọ̀wọ́ngógó ọjà máa ń mú gbèsè fúyẹ́. ₦59,955 tí ó nira láti san lọ́dún yìí lè má tó nǹkan lójú ẹni náà ní ọdún mẹ́wàá òní, bí owó oṣù bá ń lé sí i tí èlé kò sì yí padà. Bẹ́ẹ̀ ni owó ilé tí a ń san fún onílé kì í dúró lójú kan, kì í sì í di ilé láéláé. Lójú tiwa, ẹ̀yáwó ìdá 6 tí kò yí padà jẹ́ àǹfààní tí òṣìṣẹ́ kò gbọdọ̀ fojú kéré. Ti ìdá 24 fún ogún ọdún, ọ̀rọ̀ ọ̀tọ̀ ni.

Ọjọ́ orí náà ṣe pàtàkì. Òṣìṣẹ́ ìjọba ń fẹ̀yìn tì ní ọmọ ọgọ́ta ọdún tàbí lẹ́yìn ọdún 35 lẹ́nu iṣẹ́, èyí tí ó bá kọ́kọ́ dé. Ẹni tí ó jẹ́ ọmọ ọdún 48 lónìí kò ní ju ọdún 12 lọ láti fi san gbèsè, mílíọ̀nù 10 ní ìdá 6 yóò sì máa gba ₦97,585 lọ́wọ́ rẹ̀ lóṣù. Bí iye yẹn bá ti ju agbára rẹ̀ lọ, kí ó dín owó tí yóò yá kù. Owó ìfẹ̀yìntì kì í tètè dé ọwọ́ ẹni nígbà mìíràn, ibẹ̀ kọ́ ni ó yẹ kí a ti máa wo ojú gbèsè ilé.

A kò tíì mẹ́nu kan owó tí ó ń jáde lápò kí ẹ̀yáwó tó dé ọwọ́ ẹni. Lábẹ́ Òfin Lílo Ilẹ̀ ti ọdún 1978, ẹni tí ó ní ìwé àṣẹ ilẹ̀ láti ọ̀dọ̀ ìjọba gbọ́dọ̀ gba ìyọ̀ǹda Gómìnà kí ó tó lè fi ilẹ̀ náà dógò, owó sì ń bá a rìn. Ẹ ó san owó agbẹjọ́rò, owó ẹni tí yóò díye lé ilé, owó òǹtẹ̀ ìjọba lórí ìwé, àti owó adójútòfò fún iná àti fún ẹ̀mí ayáwó. Báńkì tún lè ní kí ẹ dá apá kan iye ilé sílẹ̀ fúnra yín. Kí ẹ sọ pé kí wọ́n kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ lórí ìwé kan ṣoṣo kí ẹ tó san èyíkéyìí. Lẹ́yìn tí ẹ bá sì kó wọlé, àtúnṣe kò dúró de gbèsè. Ẹ béèrè lọ́wọ́ àwọn tí ń gbé nínú àwọn ilé àtijọ́ tí ìjọba Ìwọ̀ Oòrùn kọ́ sí Bódìjà, wọn yóò sọ fún yín ohun tí òrùlé àti ṣalángá ń gbà lọ́wọ́ onílé.

Bí gbèsè bá ti wà lọ́rùn, ohun tí ó lè dín in kù jù ni owó àfikún tí a bá tètè san. Ayáwó ìdá 6 ọlọ́dún 30 tí a sọ lẹ́ẹ̀kan, bí ó bá ń fi ₦10,000 kún tirẹ̀ lóṣooṣù láti ìbẹ̀rẹ̀, yóò parí gbèsè ní nǹkan bí ọdún 21, èlé tí kò ní san yóò sì fẹ́rẹ̀ẹ́ tó mílíọ̀nù 4 náírà. Àmọ́ kí ó kọ ìwé sí báńkì pé orí ojú owó ni kí wọ́n san àfikún náà sí, kí ó sì kọ́kọ́ wò ó nínú àdéhùn bóyá wọ́n ń gba owó ìtanràn lọ́wọ́ ẹni tí ó bá tètè san gbèsè tán. Kí ó máa gba àkọsílẹ̀ gbèsè rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan lọ́dún, ó kéré tán.

Lọ́jọ́ tí ẹ bá san owó ìkẹyìn, iṣẹ́ kan ṣì kù tí ọ̀pọ̀ máa ń gbàgbé. Báńkì gbọ́dọ̀ fún yín ní ìwé ìtúsílẹ̀ tí ó fi hàn pé dógò ti kúrò lórí ilé, kí ó sì dá ojúlówó ìwé ilé padà fún yín. Ẹ gbé ìwé ìtúsílẹ̀ náà lọ sí ilé ìforúkọsílẹ̀ ilẹ̀ ìpínlẹ̀, kí wọ́n fi í sínú àkọsílẹ̀. Bí ẹ kò bá ṣe èyí, orúkọ báńkì yóò ṣì wà lórí ilé tí ẹ ti san owó rẹ̀ tán, àwọn ọmọ yín ni yóò sì kọ́kọ́ mọ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n bá fẹ́ fi ilé náà ṣe nǹkan.