Ọmọbìnrin Tó Wá Láti Ọdún 2084

Ní ìparí oṣù Kẹta ọdún 1985, nígbà tí àwọn ọmọ iléèwé wà ní ìsinmi, tẹlifíṣàn ilẹ̀ Soviet gbé eré alápá márùn-ún kan jáde. Gostya iz budushchego ni wọ́n pè é, ìyẹn Àlejò Láti Ọjọ́ Iwájú. Natalya Guseva, tó jẹ́ ọmọ ọdún 13 nígbà tí eré náà jáde, ló ṣe Alisa, ọmọbìnrin ọjọ́ iwájú náà, nínú rẹ̀. Láàárín ọjọ́ mélòó kan, ojú rẹ̀ ti di ojú tí tọmọdé tàgbà mọ̀.

Ìwé Kir Bulychev ni Pavel Arsenov sọ di eré. Kolya, ọmọ Moscow kan, wọ inú ilé àtijọ́, ó bá ẹ̀rọ kan níbẹ̀ tó gbé e dé ọdún 2084. Ibẹ̀ ló ti rí ọlọ́ṣà òfurufú méjì tí wọ́n ń wá ẹ̀rọ tó ń gbọ́ èrò inú èèyàn. Kolya gbé ẹ̀rọ náà sá wálé. Alisa lé e wá sí 1984, ṣùgbọ́n kò mọ ojú rẹ̀. Orúkọ àti kíláàsì ọmọ náà nìkan ló mọ̀, bẹ́ẹ̀ Kolya mẹ́ta ló wà nínú kíláàsì ọ̀hún!

Ìgbàkígbà tí mo bá wo eré yìí, Guseva ni mi ò lè gbójú kúrò lára rẹ̀. Fíìmù kúkúrú kan péré ló ti ṣe ṣáájú, ní 1983. Kì í ju apá, kì í la ohùn. Á tẹjú mọ́ ẹni tó ń sọ̀rọ̀, á gbọ́ ọ tán. Ní apá ìkẹyìn, Alisa ń sọ fún àwọn ọmọ kíláàsì ohun tí wọn yóò dà lọ́la kó tó padà sílé. Kò sí ariwo ẹkún níbẹ̀. Ó ń dágbére pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, omi sì ti dé ojú èmi tí mò ń wò ó.

Lẹ́tà rọ́ dé ọ̀dọ̀ Guseva láti gbogbo ilẹ̀ Soviet, àwọn ọmọkùnrin ló kọ púpọ̀ nínú wọn. Ó ṣe fíìmù mìíràn: Gonka veka ní 1986, Lilovy shar ní 1987, níbi tó ti tún jẹ́ Alisa, àti Volya vselennoy ní 1988. Lẹ́yìn náà, ó kọ́ ìmọ̀ bayotẹkinọ́lọ́jì ní Moscow, ó sì gbaṣẹ́ ní ilé ìwádìí Gamaleya, èyí tí gbogbo ayé wá mọ̀ ní 2020 nítorí abẹ́rẹ́ kòrónà Sputnik V.

Àwọn kan ṣì ń káàánú rẹ̀ pé ó sọ ẹ̀bùn nù. Inú láàbù ni èmi náà ti ń jẹun, ọ̀rọ̀ yẹn sì máa ń dùn mí. Ta ló sọ pé iṣẹ́ tí kámẹ́rà kò sí níbẹ̀ kéré? Sùúrù tí mo rí lójú Alisa, òun náà ni a fi ń jókòó ti kòkòrò àìfojúrí títí yóò fi hù nínú abọ́. Ẹ̀bùn rẹ̀ kò sọnù. Ó gbé e lọ síbi tó wù ú ni. Nígbà tí wọ́n ṣe fíìmù àwòrán nípa Alisa ní 2009, wọ́n ké sí i, ó sì yá wọn ní ohùn rẹ̀.