Ọ̀rọ̀ Tí Èrò Ìwòran Bá Òṣèré Ṣẹ̀dá

Nínú ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ tíátà Yorùbá ayé àtijọ́, òṣèré kì í gba ìwé ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ ẹnì kankan. Ọ̀gá á sọ ìtàn: ta ló kọ́kọ́ jáde, kí ló ń wá, níbo ni ìjà ti bẹ̀rẹ̀. Ọ̀rọ̀ ẹnu kálukú kù sọ́wọ́ rẹ̀. Bí ẹgbẹ́ Oyin Adéjọbí ti Òṣogbo ṣe ń ṣe é nìyẹn. Karin Barber, ọ̀mọ̀wé ará Gẹ̀ẹ́sì tó bá wọn rìn, tó sì bá wọn ṣeré, ṣàlàyé rẹ̀ nínú ìwé tó gbé jáde ní 2000.

Ẹ jẹ́ ká ní irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ fẹ́ ṣeré ní Command, lọ́nà Ìpájà, ní Èkó. Ọ̀gá ní: "Ìwọ lonílé, wọ́n jẹ ọ́ lówó ilé. Ìwọ ayálégbé, o ò lówó, o ò sì fẹ́ kó jáde." Ó tán. Lálẹ́ àkọ́kọ́, ayálégbé bẹ̀bẹ̀ lásán, èrò dákẹ́ lọ gbári. Lálẹ́ kejì ó dọ̀bálẹ̀, ó ní, "Bàbá, ẹ kọ́kọ́ gbowó lọ́wọ́ òjò, òun náà ń sùn ní yàrá yẹn." Gbọ̀ngàn hó yèè. Ìyá kan pariwo láti ẹ̀yìn pé, "Kó san tọdún méjì!" Onílé yíjú sí i: "Ìyá, ṣé ẹ̀yin lẹ máa dúró fún òjò?" Lálẹ́ kẹta, ìyá yẹn ò sí níbẹ̀ mọ́, ṣùgbọ́n ẹnì kan nínú ẹgbẹ́ ti ń sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ó ti di ara eré.

Irú eré tí èrò ti fọwọ́ bà báyìí ni wọ́n gbé lọ síwájú kámẹ́rà. Orí ìtàgé ni *Ayé*, eré Hubert Ògúndé, ti wá kí Ọlá Balógun tó darí fíìmù rẹ̀ ní 1979.

Àmọ́ kámẹ́rà kì í rẹ́rìn-ín. Lórí ìtàgé, òṣèré á dúró kí ẹ̀rín rọlẹ̀. Ní lokéṣàn, kò mọ ibi tó yẹ kó dúró. Bí kámẹ́rà bá sì jẹ́ ẹyọ kan, wọ́n á ya ojú onílé, wọ́n á tún padà ya ti ayálégbé. Tí ẹnì kan bá yí ọ̀rọ̀ padà láàárín, ìdáhùn ò ní bá ìbéèrè mu nígbà tí wọ́n bá ń so ó pọ̀. Ìdí nìyẹn tí kámẹ́rà méjì fi dára fún eré àtinúdá.

Àwọn ará Dẹ́nmáàkì gba ọ̀nà mìíràn. Lálẹ́ 31 Oṣù Kejìlá 1999, olùdarí mẹ́rin, tí Lars von Trier àti Thomas Vinterberg wà lára wọn, ya fíìmù *D-dag* ní Copenhagen. Wọ́n ń bá àwọn òṣèré sọ̀rọ̀ sétí láti ọ̀nà jíjìn. Ní ọjọ́ kejì, ìkànnì tẹlifíṣọ̀n bíi mélòó kan gbé e jáde lẹ́ẹ̀kan náà, rìmótù sì ni olùwòran fi ń yan ẹni tó fẹ́ tẹ̀ lé. Iṣẹ́ ńlá ni, mo gbà. Síbẹ̀, olùwòran ibẹ̀ kàn lè yàn ni, kò lè fi gbólóhùn kan kún un. Ìyá ẹ̀yìn gbọ̀ngàn fi kún un.

Ẹni tó bá ń ya fíìmù ní Command lónìí ṣì lè ṣe é. Kó pe àwọn ará ilé tó yá lò wá wo ìdánrawò ní ìrọ̀lẹ́, kí kámẹ́rà wà nínú àpò. Ibi tí wọ́n bá ti rẹ́rìn-ín, kó sàmì síbẹ̀. Ohun tí wọ́n bá sọ, kó kọ ọ́ sílẹ̀. Lówùúrọ̀ ọjọ́ kejì ni kó tó tan iná.