Ta Ni Ọpọlọ Rẹ̀ Pé? Ìwé Ìlàlóye fún Ẹbí, Ará Ilé àti Alábàágbé

Ìbéèrè kan wà tí kì í tán lẹ́nu àwọn tó ń mú èèyàn wọn wá sí ilé ìwòsàn ọpọlọ: "Ẹ jọ̀ọ́ dókítà, ṣé orí ọmọ mi ṣì pé?" Ìyá ló máa ń bèèrè, tàbí ìyàwó, tàbí ẹ̀gbọ́n. Ẹlòmíì ò tilẹ̀ mú ẹnikẹ́ni wá. Ara rẹ̀ gan-an ló ń bèèrè fún, á sì rẹ ohùn sílẹ̀ kí àwọn tó jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ má baà gbọ́. Nítorí irú wọn la ṣe kọ ìwé kékeré yìí.

Ohun tí a fẹ́ kí ẹ mọ̀ ṣáájú ni pé a kì í fi ìṣe aládùúgbò wọn ọpọlọ ẹnikẹ́ni. Ìṣe ẹni náà fúnra rẹ̀ la fi ń wọ̀n ọ́n: báwo ló ṣe rí tẹ́lẹ̀, kí ló yí padà, láti ìgbà wo, kí sì ni ìyípadà náà ti gbà lọ́wọ́ rẹ̀?

Òṣùwọ̀n méjì tó ń ṣi èèyàn lọ́nà

Èkíní ni wèrè ọjà. Ọ̀pọ̀ gbà pé bí èèyàn ò bá tíì bọ́ra sílẹ̀, tí kì í sì í ṣa pàǹtírí kiri, kò sí ohun tó ṣe é. Bẹ́ẹ̀, ọ̀pọ̀ jù lọ nínú àwọn tí a ń tọ́jú ló ń wọ aṣọ tó mọ́, tí wọ́n ń lọ síbi iṣẹ́, tí wọ́n ń dá àjọ, tí wọ́n sì ń jókòó ní ìlà iwájú ní ṣọ́ọ̀ṣì tàbí mọ́sálásí. Ọkùnrin kan lè máa rẹ́rìn-ín nídìí ayò títí ilẹ̀ á fi ṣú, kó délé kó má lè sùn, kó máa rò ó pé bí òun bá kú, ó máa sàn fún àwọn ọmọ òun. Àwọn tí wọ́n jọ ta ayò lálẹ́ náà ò ní rí nǹkan kan lójú rẹ̀.

Èkejì ni kí á máa ka ẹni tó yàtọ̀ sí aláìsàn. Ọmọ tí kì í fẹ́ bá ẹgbẹ́ rẹ̀ ṣeré, tó jẹ́ pé ìwé ló ń kà ṣáá. Obìnrin tó ti lé lógójì ọdún tó lóun ò fẹ́ lọ́kọ. Baba káfíńtà tó ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀ bó ṣe ń fági. Ìyá alátẹ tí kò ní tajà àfi tó bá to tòmátì rẹ̀ lọ́nà kan náà láràárọ̀. Kò sí àìsàn nínú gbogbo èyí, bí kò bá dí ẹni náà lọ́wọ́ tí kò sì ni ín lára. Inú wa kì í dùn bí wọ́n bá mú irú ọmọ bẹ́ẹ̀ wá pé kí á fún un lóògùn kó lè dà bí àwọn yòókù. Àmọ́ bí ọmọ bá pé ọdún méjì tí kò tíì máa sọ̀rọ̀, tàbí tó ti ń sọ̀rọ̀ tẹ́lẹ̀ tí ọ̀rọ̀ náà wá pòórá, ẹ tètè mú un wá kí á yẹ̀ ẹ́ wò.

Àwọn oníṣègùn gan-an ti ṣìnà níbí rí, ìṣìnà náà sì burú. Ní 1851, dókítà kan ní ìpínlẹ̀ Louisiana ní Amẹ́ríkà, Samuel Cartwright, kọ ọ́ sílẹ̀ pé àìsàn ọpọlọ ló ń mú kí ẹrú sá kúrò lọ́dọ̀ olówó rẹ̀. Ó fún àìsàn náà lórúkọ, ó sì dá a lábàá pé kí wọ́n máa na ẹrú tó bá ti ń fajú ro kó má baà sá lọ. Ọmọ èèyàn tó fẹ́ òmìnira ló pè ní aláìsàn, nítorí pé òmìnira ẹrú kò rọ olówó lọ́rùn. Ìtàn yìí ni kì í jẹ́ kí á yára fọwọ́ sí i bí ẹbí bá ní ọmọ wọn "ò ṣe dáadáa mọ́". A máa ń kọ́kọ́ bèèrè: ta gan-an ni ìwà yìí ń dà láàmú, òun ni àbí ẹ̀yin?

Ohun tí àwọn ará ilẹ̀ Ẹ̀gbá sọ

Àwọn kan máa ń ní ti òyìnbó ni gbogbo ọ̀rọ̀ ọpọlọ yìí. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ní 1961, Ọ̀jọ̀gbọ́n Adéoyè Lambo, ọmọ Abẹ́òkúta tó jẹ́ ọ̀gá ilé ìwòsàn ọpọlọ Arò, àti àwọn olùwádìí láti Yunifásítì Cornell ní Amẹ́ríkà tí Alexander Leighton ṣíwájú wọn, wọ àwọn abúlé lọ ní àyíká Abẹ́òkúta, wọ́n sì ṣiṣẹ́ nínú ìlú fúnra rẹ̀. Wọ́n fẹ́ mọ ohun tí àwọn èèyàn ibẹ̀ ń kà sí àìsàn ọpọlọ. Ìwé wọn jáde ní 1963, Jane Murphy tó wà láàárín wọn sì tún kọ̀wé lórí ọ̀rọ̀ náà ní 1976.

Ẹ gbọ́ díẹ̀ nínú àwọn àmì wèrè tí àwọn ará ibẹ̀ kà fún àwọn olùwádìí náà: kí èèyàn máa gbọ́ ohùn tí ẹlòmíì ò gbọ́, kó sì máa fẹ́ kí wọ́n bá òun wá ẹni tó ń sọ̀rọ̀, kó máa rẹ́rìn-ín níbi tí kò sí ẹ̀rín, kó máa sọ̀rọ̀ láìsinmi tàbí kó dákẹ́ pátápátá, kó máa ṣa igi àti ewé jọ láìnídìí, kó máa da oúnjẹ nù torí ó gbà pé wọ́n ti fi oògùn sí i. Kò sí ọ̀kan tó ṣàjèjì sí dókítà ọpọlọ nínú gbogbo èyí. Àwọn baba wa mọ ohun tí wọ́n ń wò.

Wọ́n sì mọ ohun tí kì í ṣe wèrè. Wọn kì í pe elégùn tí òrìṣà gùn ní aṣiwèrè, bẹ́ẹ̀ ni ẹnikẹ́ni ò ní pe wòlíì tí ẹ̀mí gbé nínú ìjọ aláṣọ funfun bẹ́ẹ̀ lónìí. Ó ní àkókò, ó ní ibi, àwọn tó mọ̀ nípa rẹ̀ á wà nítòsí. Bó bá parí, ẹni náà á padà sí ipò rẹ̀, á jẹun, á sùn, á sì gba oko tàbí ọjà lọ lọ́jọ́ kejì. Ìlànà tiwa náà nìyẹn. Àmọ́ bí ìsìn bá ti parí láti ọjọ́ Àìkú tí ẹni náà ò fojú kan oorun títí di Ọjọ́rú, tó ń pariwo pé wọ́n ti gbé kọ́kọ́rọ́ ìlú lé òun lọ́wọ́, tí àwọn ará ìjọ rẹ̀ gan-an wá ń wo ara wọn lójú, ẹ gbé e wá. Lórí irú ọ̀rọ̀ báyìí, ohun tí àwọn tí wọ́n jọ ń jọ́sìn bá rí ṣe pàtàkì sí wa gan-an.

Ohun tí a ó bèèrè lọ́wọ́ yín

Kò sí ẹ̀rọ tí a lè gbé lé èèyàn lórí tó máa sọ fún wa pé ọpọlọ rẹ̀ pé tàbí kò pé. Ìbéèrè la ń bi èèyàn, etí la sì ń fi sílẹ̀.

Oorun la sábà fi ń bẹ̀rẹ̀, torí oorun kì í pẹ́ dàrú bí ọkàn bá ti dàrú. Lẹ́yìn náà la ó bèèrè nípa oúnjẹ, ìwẹ̀, iṣẹ́, owó, àti bó ṣe ń bá àwọn ará ilé sọ̀rọ̀. Bí ìbànújẹ́ bá wà lára èèyàn lọ́pọ̀ jù lọ nínú ọjọ́, fún ọ̀sẹ̀ méjì gbáko, tàbí tí ohun tó máa ń dùn mọ́ ọn ò dùn mọ́ ọn mọ́, tí kò lè sùn, tí kò lè jẹun, tí kò lágbára láti ṣe ohunkóhun, ìrẹ̀wẹ̀sì ọkàn tó nílò ìtọ́jú ni. Ẹ má ṣe pè é ní ọ̀lẹ.

Ìdùnnú náà lè jẹ́ àmì. Ẹni tó jẹ́ pé láti kékeré ló ti ń náwó bí ẹni da omi, tó ń ṣàríyá, tó ń pariwo, bó ṣe rí náà nìyẹn. Àmọ́ ìyá oníṣòwò tó máa ń ka owó rẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta kó tó fọwọ́ sílẹ̀, bó bá dédé bẹ̀rẹ̀ sí í fi ọjà tọrẹ fún ẹni tí kò mọ̀ rí, tó ń fi wákàtí méjì sùn tí kò sì rẹ̀ ẹ́, tó ń sọ̀rọ̀ bí ẹni tí wọ́n ń lé, ẹ má kàn máa yọ̀ pé ojú rere ti dé. Ìwà kan náà ni àwọn méjèèjì ń hù lójú ẹni tó ń wò wọ́n. Lára ẹnìkan, ìṣe rẹ̀ ni. Lára ẹnì kejì, àìsàn ló ti dé.

Ọ̀pọ̀ ò tilẹ̀ ní dárúkọ ìbànújẹ́ rárá. Ara ni wọ́n á máa sọ: orí ń gbóná, nǹkan ń rìn lágbárí, etí ń hó, àyà ń já. Ọdẹ orí ni wọ́n ń pè é ní ọ̀dọ̀ wa. Raymond Prince, oníṣègùn ọpọlọ ará Kánádà tó ṣiṣẹ́ ní Nàìjíríà, kọ̀wé ní 1960 nípa àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tí wọ́n ń ráhùn irú nǹkan bẹ́ẹ̀, tí ìwé kò sì wọ orí wọn mọ́. A kì í sọ fún irú ẹni bẹ́ẹ̀ pé kò sí ohun tó ṣe é. Ohun tó ń mọ̀ lára rẹ̀, ó wà níbẹ̀; ìrònú àti àníyàn ló sábà máa ń fà á.

Kí á tó pe ohunkóhun ní ti ọpọlọ, a ó yẹ ara wò. Ibà líle, táífọ́ọ̀dù, ṣúgà tó lọ sílẹ̀ lára alátọ̀gbẹ, gbogbo wọn ló lè mú èèyàn máa sọ ìsọkúsọ. Bẹ́ẹ̀ náà ni igbó, tramadol, oògùn ikọ́ tó ní codeine, àti ohun tí àwọn ọ̀dọ́ ń pè ní colorado. Wárápá kì í ṣe wèrè, kì í sì í ran ẹnikẹ́ni. Ẹ má bẹ̀rù láti fọwọ́ kan ẹni tó ni ín.

Ọ̀fọ̀, ìyá ìkókó, àgbàlagbà

Opó tó ń gbọ́ ohùn ọkọ rẹ̀ láti yàrá lóru, tàbí tó ṣì ń bu oúnjẹ rẹ̀ sílẹ̀, kò ya wèrè. Ọ̀fọ̀ ló ṣẹ̀ ẹ́. Kò sí ẹni tó gbọ́dọ̀ sọ fún un pé kó gbàgbé lẹ́yìn fidáù ogójì ọjọ́. Ìlànà Àjọ Ìlera Àgbáyé tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 2022 ní kí á tó pe ọ̀fọ̀ ní àìsàn, ó gbọ́dọ̀ ti ju oṣù mẹ́fà lọ, kó ti kọjá ohun tí àṣà àti ẹ̀sìn ẹni náà fàyè gbà, kó sì ti dá ìgbé ayé rẹ̀ dúró.

Ìyá ìkókó lè dédé máa sunkún ní bí ọjọ́ kẹta tó bímọ. Èyí á lọ fúnra rẹ̀ kí ọ̀sẹ̀ méjì tó pé bí ẹ bá jẹ́ kó sinmi, tí ẹ sì ń bá a gbọ́mọ. Àbísínwín yàtọ̀. Ó sábà máa ń bẹ̀rẹ̀ láàárín ọ̀sẹ̀ méjì àkọ́kọ́, ó sì máa ń yára: ìyá ọmọ kò ní sùn, ọ̀rọ̀ rẹ̀ á dàrú, ó lè sọ pé wọ́n ti pààrọ̀ ọmọ òun tàbí pé ohùn kan ń pàṣẹ fún òun. Ọjọ́ náà gan-an ni kí ẹ gbé e wá, kódà bó jẹ́ òru. Ẹ má fi òun àti ọmọ nìkan sílẹ̀. Ó máa ń gbọ́ ìtọ́jú dáadáa, ìyá á sì padà wá gbé ọmọ rẹ̀.

Ní ti àwọn àgbà, bí màmá tó ń bá yín ṣeré lánàá kò bá mọ̀ yín lónìí, ara ló sábà máa ń fà á: ibà, àkóràn ìtọ̀, tàbí oògùn tó ń lò. Pàjáwìrì ni. Ìgbàgbé tó ń rọra wọlé lọ́dọọdún yàtọ̀ sí ìyẹn, ó sì yẹ kí á yẹ òun náà wò. Ohun tó ń dun àwa jù ni ti obìnrin àgbà tó fẹnu ara rẹ̀ sọ pé òun ni òun pa ọmọ òun, pé àjẹ́ lòun. Ní Ghana, Margaret Field, oníṣègùn ọpọlọ tó ṣiṣẹ́ láàárín àwọn Àṣáńtì, kọ ọ́ sínú ìwé tó jáde ní 1960 pé ìrẹ̀wẹ̀sì ọkàn ló ń bá ọ̀pọ̀ àwọn obìnrin tó ń lọ fẹ̀sùn àjẹ́ kan ara wọn ní ojúbọ jà. Ìyá tó bá ń dá ara rẹ̀ lẹ́bi báyìí nílò dókítà. Ẹni tó bá sọ ọ́ lókùúta ti pa aláìsàn.

Ìwà burúkú lọ́tọ̀, àìsàn lọ́tọ̀

Ọkùnrin tó ń lu ìyàwó rẹ̀ nílé, àmọ́ tí kì í gbójú sí ọ̀gá rẹ̀ níbi iṣẹ́, mọ ohun tó ń ṣe. Olè mọ ohun tó ń ṣe. Ẹ má gbé wọn wá kí á fi àìsàn bo ẹ̀ṣẹ̀ wọn mọ́lẹ̀. Láti pe òǹrorò ní wèrè, àwọn aláìsàn ló ń bà lórúkọ jẹ́, torí ọ̀pọ̀ jù lọ nínú wọn kì í ṣe ẹnikẹ́ni ní jàǹbá.

Gbogbo wa la mọ òwe tó ní wèrè dùn ún wò, kò ṣe é bí lọ́mọ. A bẹ̀ yín, ẹ má pa á létí àwọn òbí tí àìsàn yìí wọ ilé wọn. Wọ́n bí ọmọ wọn, wọ́n sì fẹ́ràn rẹ̀. Láti 1954 ni Lambo ti bẹ̀rẹ̀ sí í fi àwọn aláìsàn sílé àwọn ará abúlé ní àyíká Arò. Ìbátan kan á bá aláìsàn wá, wọ́n á jọ máa gbé láàárín ìlú, wọ́n á sì máa lọ gba ìtọ́jú ní ilé ìwòsàn. Àwọn onílé ò sá fún wọn. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn aláìsàn náà gbádùn, wọ́n padà sílé.

Ẹ lè gbàdúrà, kí aláìsàn sì máa lo oògùn. A ò ní kí ẹ fi ọ̀kan sílẹ̀. Ohun tí a kọ̀ ni ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀, ẹgba, àti ààwẹ̀ tí wọ́n fi tipátipá mú aláìsàn gbà. Òfin Ìlera Ọpọlọ tí Ààrẹ fọwọ́ sí ní oṣù Kìíní 2023 ti rọ́pò òfin àtijọ́ tí gbòǹgbò rẹ̀ ti 1916 wá, ó sì ka ẹni tí ọpọlọ rẹ̀ ń ṣàìsàn sí ọmọ èèyàn tó ní ẹ̀tọ́.

Bí ẹ bá ń bọ̀

Ẹ má dúró de ọjọ́ kejì bí èèyàn bá ń sọ pé òun fẹ́ kú, bó bá ń gbọ́ ohùn tó ń ní kó ṣe ara rẹ̀ tàbí ẹlòmíì léṣe, bí kò bá jẹ tí kò mu, tàbí bí ọ̀rọ̀ rẹ̀ bá dédé dàrú pẹ̀lú ibà. Ẹ bi ẹni tí ẹ ń bẹ̀rù fún léèrè tààrà bóyá ó ń ro ikú. Ìbéèrè náà kò ní gbé e sí i lọ́kàn, ó sábà máa ń fún un láyè láti sọ̀rọ̀ ni. Ẹ kó oògùn apakòkòrò kúrò nílé, kí ẹnìkan sì wà lọ́dọ̀ rẹ̀ títí ẹ ó fi dé ọ̀dọ̀ wa. Bí ilé ìwòsàn ọpọlọ bá jìnnà, ẹ kọ́kọ́ lọ sí ilé ìwòsàn tó bá sún mọ́ yín.

Kí ẹni tó mọ̀ ọ́n kí àìsàn tó dé tẹ̀ lé e wá, ìyá tàbí ẹ̀gbọ́n tàbí ọ̀rẹ́ tí wọ́n jọ ń gbé. Ẹ kọ ọjọ́ tí ẹ kọ́kọ́ rí ìyípadà sínú ìwé, pẹ̀lú ohun tó ṣẹlẹ̀ ní bí oṣù kan ṣáájú rẹ̀. Ẹ kó gbogbo oògùn tó ń lò dání, títí kan àgbo àti èyí tí ẹ rà lọ́wọ́ oníkẹ́mísìtì.