Àlejò Nínú Agbo Ìjàkadì

Ìwọ akẹ́kọ̀ọ́, ǹjẹ́ o ti bá ọ̀rẹ́ rẹ ja ìjàkadì rí? Ní Ìwó níbí, àti ní ọ̀pọ̀ ìlú Yorùbá mìíràn, àwọn ọmọdé fẹ́ràn eré yìí. Bí òṣùpá bá mọ́lẹ̀, tàbí bí a bá lu agogo ìsinmi ní ilé-ẹ̀kọ́, ọmọ méjì á di ara wọn mú ní ìbàdí lórí iyanrìn. Àwọn yòókù á pa agbo yí wọn ká, wọn á máa pàtẹ́wọ́. Láìpẹ́, ẹ̀yìn ẹnì kan á kan ilẹ̀, ariwo á sì sọ.

Rántí ọjọ́ tí wọ́n dá ìwọ náà. Kí ni o ṣe? Ṣé o dìde, o gbọn iyanrìn kúrò ní ara rẹ, o sì rẹ́rìn-ín? Tàbí o bínú, o sì ń wá òkúta tí o máa sọ lu ẹni tí ó dá ọ? Bí o bá wá òkúta, eré ti di ìjà nìyẹn. Nínú ẹ̀kọ́ yìí, a ó wo ìjàkadì ní ilé wa àti ní ilẹ̀ òkèèrè. A ó sì wo ohun tí ó yẹ kí arìnrìn-àjò mọ̀ kí ó tó wọ inú agbo àwọn ẹlòmíràn.

Ìjàkadì Ilẹ̀ Wa

Ìjàkadì jẹ́ eré ìdárayá àtijọ́ ní ilẹ̀ Yorùbá. Àwọn kan ń pè é ní ẹkẹ, àwọn mìíràn ń pè é ní gídígbò. Kò gba owó, kò sì gba irinṣẹ́. Ohun tí ó gbà ni ilẹ̀ tí kò ní òkúta, ènìyàn méjì tí agbára wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba, àti àgbà kan tí yóò máa wò wọ́n. Oníjàkadì lè fi ẹsẹ̀ kọ́ ẹsẹ̀ ẹnì kejì rẹ̀. Ó lè gbé e sókè kí ó sì tẹ́ ẹ sílẹ̀. Ṣùgbọ́n kò gbọdọ̀ lù ú ní ẹ̀ṣẹ́, kò gbọdọ̀ gé e jẹ, bẹ́ẹ̀ ni kò gbọdọ̀ fún un lọ́rùn. Ní ọ̀pọ̀ ibi, ẹni tí ẹ̀yìn rẹ̀ bá kan ilẹ̀ ni wọ́n dá. Bí ó bá jẹ́ orúnkún nìkan ni ó kan ilẹ̀, eré kò tíì parí. Ẹni náà lè dìde kí ó sì máa bá a lọ.

Bí a bá ń sọ̀rọ̀ ìjàkadì, a kò lè gbàgbé Ọ̀fà. Ìlú yìí wà ní Ìpínlẹ̀ Kwara. Bí o bá ti Ìwó lọ sí Òṣogbo, tí o sì gba Ìkìrun kọjá sí ìhà àríwá, wàá dé ibẹ̀. Bí odídẹrẹ́ ṣe wà nínú oríkì Ìwó, bẹ́ẹ̀ ni ìjàkadì wà nínú oríkì Ọ̀fà. Ohun àjogúnbá ni wọ́n kà á sí.

Súmò, Ìjàkadì Ilẹ̀ Japan

Jìnnà réré sí wa, ní orílẹ̀-èdè Japan, irú ìjàkadì kan wà tí wọ́n ń pè ní súmò. Àwọn tí wọ́n fi súmò ṣe iṣẹ́ sanra, wọ́n sì lágbára. Ọ̀pọ̀ nínú wọn wúwo ju àpò sìmẹ́ńtì méjì lọ, èyí ni pé wọ́n ju 100 kílò lọ. Aṣọ kan ṣoṣo ni wọ́n máa ń wọ̀ nínú agbo. Ó nípọn, wọ́n á sì dì í mọ́ ìdí bí ìbàǹtẹ́. Orúkọ rẹ̀ ni mawashi.

Orí pèpéle tí wọ́n fi amọ̀ mọ ni wọ́n ti ń jà. Lórí pèpéle náà ni wọ́n fi koríko ìrẹsì gbígbẹ ṣe òbìrí kan. Láti etí òbìrí yìí kan dé èkejì jẹ́ mítà 4.55. Bí ìwọ bá fẹsẹ̀ wọ̀n ọ́n, ó lè tó ìgbésẹ̀ ńlá mẹ́fà. Kí àwọn méjèèjì tó kọlu ara wọn, wọ́n á tẹrí ba. Wọ́n á gbé ẹsẹ̀ sókè, wọ́n á sì fi kilẹ̀ gìrì. Àwọn àgbà inú wọn á bu iyọ̀ wọ́n sí ilẹ̀ láti fi ya ibẹ̀ sí mímọ́.

Òfin súmò kò pọ̀. Ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ bá jáde kúrò nínú òbìrí ti pàdánù. Bákan náà, bí ohunkóhun lára ènìyàn bá kan ilẹ̀ yàtọ̀ sí àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀, ó ti pàdánù, ìbáà ṣe ìka ọwọ́ kan. Nítorí náà, eré náà kì í pẹ́. Lọ́pọ̀ ìgbà, kí ènìyàn tó ka ení dé ogún, ó ti parí. Wọn kì í fi ìwọ̀n ara pín àwọn oníjàkadì wọ̀nyí. Ẹni kékeré lè pàdé ẹni tí ó fi ìlọ́po méjì wúwo jù ú lọ. Ẹ̀ẹ̀mẹfà ni wọ́n máa ń ṣe ìdíje ńlá ní ọdún kan. Ọjọ́ 15 sì ni ọ̀kọ̀ọ̀kan máa ń gbà.

Ní ọdún 2012, ọmọ Íjíbítì kan wọ inú iṣẹ́ súmò. Òun ni ọmọ ilẹ̀ Áfíríkà àkọ́kọ́ tí ó ṣe bẹ́ẹ̀. Orúkọ tí wọ́n fún un níbẹ̀ ni Osunaarashi. Má ṣe rò pé ọmọ Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun ni o! Ìtumọ̀ orúkọ náà ní èdè Japan ni ìjì iyanrìn ńlá.

Bí Àlejò Ṣe Lè Dán Súmò Wò

Ká sọ pé o dàgbà, o sì rin ìrìn-àjò dé Tokyo tí í ṣe olú-ìlú Japan. Ọ̀nà méjì ni o lè gbà súnmọ́ súmò.

Ọ̀nà kìíní ni kí o lọ sí ilé tí àwọn oníjàkadì ń gbé. Níbẹ̀ ni wọ́n ti ń sùn, tí wọ́n ti ń jẹun, tí wọ́n sì ti ń kọ́ iṣẹ́ lábẹ́ ọ̀gá wọn. Àwọn ilé kan máa ń gba àlejò láàyè láti wò wọ́n ní òwúrọ̀. Ṣùgbọ́n wíwò nìkan ni. Àlejò gbọ́dọ̀ jókòó jẹ́ẹ́. Kò gbọdọ̀ pariwo, kò sì gbọdọ̀ na ẹsẹ̀ sí ọ̀kánkán agbo.

Ọ̀nà kejì ni kí o lọ sí ibi tí àwọn oníjàkadì tí wọ́n ti fẹ̀yìn tì ti ń kọ́ àlejò. Ibẹ̀ ni ìwọ fúnra rẹ yóò ti wọ agbo. Lákọ̀ọ́kọ́, wọn yóò kọ́ ọ bí a ṣe ń tẹrí ba. Lẹ́yìn èyí, wọn yóò kọ́ ọ bí a ṣe ń gbé ẹsẹ̀ kan sókè kí a sì fi kilẹ̀ láìṣubú. Má ṣe rò pé ó rọrùn. Itan á ro ọ́. Wọn yóò tún kọ́ ọ bí a ṣe ń wọ́ ẹsẹ̀ rìn nílẹ̀ láìgbé e sókè, kí ẹnikẹ́ni má baà rí àyè dá ọ. Wọn yóò wá wọ̀ ọ́ ní aṣọ kan tí ó wú bí ìrọ̀rí, kí ara má baà dùn ọ́ bí o bá ṣubú. Bí o bá wá fi gbogbo agbára rẹ ti ọ̀gbẹ́ni náà, á dà bí ìgbà tí ènìyàn ń ti ògiri. Níkẹyìn, ẹ ó jọ jẹ chanko. Ọbẹ̀ olómi ni, tí wọ́n fi ẹran tàbí ẹja àti ẹ̀fọ́ sè nínú ìkòkò ńlá kan. Òun ni oúnjẹ àwọn oníjàkadì súmò.

Bí o bá jẹ́ ọmọbìnrin, mọ̀ pé obìnrin kì í gun pèpéle àwọn tí wọ́n fi súmò ṣe iṣẹ́. Àṣà wọn láti ọjọ́ pípẹ́ ni. Ṣùgbọ́n àwọn obìnrin ní ìdíje tiwọn nínú súmò tí a ń ṣe fún ìdárayá.

Béèrè Òfin Kí O Tó Wọ Agbo

Àwọn àgbà sọ pé àlejò ní ojú, kò fi ríran. Fojú inú wo ọmọ Ìwó kan tí ó mọ ìjàkadì dáadáa. Ó dé Japan, ó wọ agbo, orúnkún rẹ̀ sì kan ilẹ̀. Ó fẹ́ dìde kí ó máa jà lọ bí a ti ń ṣe nílé. Wọn yóò sọ fún un pé ó ti pàdánù. Bí ó bá bínú, ta ni ó jẹ̀bi? Fojú inú wo ará Japan kan tí òun náà wá sí Ìwó. Ó tì ọ́ jáde kúrò nínú agbo, ó sì ń yọ̀ pé òun ti borí. Àwa yóò rẹ́rìn-ín, nítorí ẹ̀yìn rẹ kò tíì kan ilẹ̀. Ní Sẹ̀nẹ̀gà pàápàá, níbi tí ìjàkadì ti gbayì gan-an, bí ọwọ́ àti orúnkún méjèèjì bá jọ kan ilẹ̀ pọ̀, ẹni náà ti ṣubú. Ohun tí a ń pè ní ìṣubú kò rí bákan náà níbi gbogbo. Nítorí náà, béèrè kí o tó dìde jà.

Ìṣubú Kọ́ Ni Òpin

Ní ọdún 2021, wọ́n ṣe ìdíje Òlíńpíìkì ní Tokyo. Blessing Oborududu gba àmì ẹ̀yẹ fàdákà nínú ìjàkadì. Òun ni ó kọ́kọ́ gba àmì ẹ̀yẹ Òlíńpíìkì fún Nàìjíríà nínú eré yìí. Ọmọbìnrin Yorùbá kan náà wà níbẹ̀, Odunayo Adekuoroye. Ó ti gba wúrà nínú ìdíje Commonwealth ní ọdún 2014 àti 2018, gbogbo ènìyàn sì ń retí pé yóò borí. Ṣùgbọ́n wọ́n dá a nínú ìjàkadì àkọ́kọ́ tí ó jà. Ǹjẹ́ ó fi eré náà sílẹ̀? Rárá. Ní ọdún 2022, ó lọ sí ìdíje Commonwealth ní Birmingham, ó sì tún gba wúrà.

Ìwọ akẹ́kọ̀ọ́, nígbà tí o bá tún fẹ́ ja ìjàkadì, kọ́kọ́ ṣa òkúta kúrò nílẹ̀. Jẹ́ kí olùkọ́ tàbí àgbà kan wà níbẹ̀. Má ṣe lọ́ ẹnikẹ́ni lọ́rùn. Bí àlejò bá wà láàárín yín, ẹ sọ òfin yín fún un kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀. Bí o bá dá ẹnì kejì rẹ, na ọwọ́ sí i kí o fà á dìde. Bí wọ́n bá sì dá ọ, gbọn iyanrìn nù, kí o kí ẹni tí ó dá ọ. Ọ̀la ń bọ̀ tí ẹ ó tún pàdé.

Ìtumọ̀ Àwọn Ọ̀rọ̀
agbo: àwọn ènìyàn tí wọ́n yí ibi eré ká, ibi eré náà fúnra rẹ̀
dá ènìyàn: láti mú kí ó ṣubú nínú ìjàkadì
òbìrí: ohun tí ó rí roboto
pèpéle: ibi gíga tí a fi amọ̀ mọ

Ìbéèrè
1. Dárúkọ méjì tí a tún ń pe ìjàkadì ní ilẹ̀ Yorùbá.
2. Ìlú wo ni ìjàkadì wà nínú oríkì rẹ̀?
3. Ọ̀nà méjì wo ni oníjàkadì súmò lè gbà pàdánù?
4. Kí ni Odunayo Adekuoroye ṣe lẹ́yìn tí wọ́n dá a ní ọdún 2021?
5. Kí ni ìyàtọ̀ láàárín ìjàkadì àti ìjà? Ṣàlàyé ní gbólóhùn mẹ́ta.

Iṣẹ́ Ṣíṣe
Béèrè lọ́wọ́ bàbá àgbà tàbí ìyá àgbà rẹ bí wọ́n ṣe ń ja ìjàkadì nígbà èwe wọn. Kọ ohun tí wọ́n bá sọ sínú ìwé rẹ.