Àwọn Ọ̀ta Ayò Ṣẹ́ẹ̀sì àti Àwọn Ọmọ Ilé-ìwé Wa

Kò sí ẹni tí ó dàgbà ní Òṣogbo tàbí ní ilẹ̀ Ìjẹ̀ṣà tí kò mọ ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín ọ̀ta àti òpè nídìí ayò. Ọ̀ta ni ẹni tí ó ti mọ ibi tí ọmọ ayò tí ó kẹ́yìn yóò bọ́ sí kí ó tó na ọwọ́ sí ọpọ́n rárá. Òpè ni ẹni tí ń ta á ṣáá. Ní ayé àwọn baba wa, bí àwọn ọ̀ta bá ti oko dé, wọn a jókòó sí abẹ́ igi, èrò ìwòran a sì pagbo yí wọn ká, wọn a máa fi òpè ṣe yẹ̀yẹ́. Ṣùgbọ́n mélòó nínú àwọn ọ̀ta wọ̀nyí ni a lè dárúkọ lónìí? Ikú mú wọn lọ, ọgbọ́n orí wọn sì bá wọn wọ ilẹ̀, nítorí pé kò sí ẹni tí ó kọ bí wọ́n ti ń ta ayò sílẹ̀.

Ibi tí ayò ṣẹ́ẹ̀sì gbé yàtọ̀ sí tiwa nìyí. A kò sọ pé ọgbọ́n rẹ̀ ju ti ayò ọlọ́pọ́n lọ. Pátákó ni, ilé 64 ni ó wà lójú rẹ̀, ọmọ 16 ni ẹnìkọ̀ọ̀kan ní: ọba, olorì, ẹlẹ́ṣin àti àwọn yòókù. Ẹni tí ó bá ká ọba ẹnìkejì rẹ̀ mọ́ ibi tí kò ti lè sá mọ́ ni ó jẹ. Ṣùgbọ́n gbogbo ìgbésẹ̀ ni wọ́n ní ọ̀nà láti kọ sínú ìwé. Ìdíje tí Steinitz fi borí Zukertort ní 1886, tí ó sì fi di ọ̀ta àkọ́kọ́ ní gbogbo ayé, ọmọ ilé-ìwé kan lè jókòó ní Iléṣà lónìí kí ó sì tún un ta láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Láti 1924 ni ẹgbẹ́ àgbáyé tí ń ṣe àkóso eré náà, FIDE, ti wà. Òun ni ó ń fi oyè dá àwọn ọ̀ta lọ́lá. Grandmaster ni oyè tí ó ga jù, àwa ìbá sì pè é ní Ọ̀gá Ọ̀ta.

Ẹ má ṣe rò pé àwọn orílẹ̀-èdè ńláńlá nìkan ni ó ni eré yìí. Kúbà, erékùṣù tí a kó àwọn ènìyàn wa lẹ́rú lọ, tí àwọn ọmọ Lukumí ṣì ń bọ Ọ̀ṣun títí di òní, ni ó bí José Raúl Capablanca. Ìran Sípéènì ni òun fúnra rẹ̀. Ọmọ ọdún mẹ́rin ni nígbà tí ó kọ́ ṣẹ́ẹ̀sì nípa pé ó ń wo bàbá rẹ̀ bí ó ti ń ta á. Ní 1921 ó borí Lasker, ará Jámánì tí ó ti wà lórí oyè láti 1894, ó sì jẹ́ ọ̀ta gbogbo ayé títí di 1927.

Àwa aláwọ̀ dúdú ńkọ́? Ó di 1999 kí ẹni wa kan tó jẹ oyè Grandmaster: Maurice Ashley ni, ẹni tí a bí ní Jàmáíkà tí ó sì dàgbà ní New York. Amon Simutowe ti orílẹ̀-èdè Zambia gba tirẹ̀ ní 2009. Ní ti Nàìjíríà, Odion Aikhoje gba àmì-ẹ̀yẹ wúrà ní Chess Olympiad tí a ṣe ní Elista, ní ilẹ̀ Rọ́ṣíà, ní 1998. Òun àti Oladapo Adu ti gba oyè International Master, èyí tí ó tẹ̀lé ti Grandmaster. Iṣẹ́ ńlá ni wọ́n ṣe, ó sì yẹ kí orúkọ wọn wà lẹ́nu àwọn ọmọ wa bí orúkọ àwọn agbábọ́ọ̀lù ti wà. Ṣùgbọ́n Zambia, tí àwọn ènìyàn rẹ̀ kò tó ìdá kan nínú mẹ́wàá tiwa, ti ní Ọ̀gá Ọ̀ta, Nàìjíríà kò tíì ní ẹyọ kan. Ṣé orí ni a kò ní ni? Ẹ jẹ́ kí a wo ìtàn ọmọ Yorùbá méjì.

Ní 2017 ni ìdílé Tanitólúwa Adéwùmí sá kúrò ní Nàìjíríà nítorí ìbẹ̀rù Boko Haram, tí wọ́n sì dé New York láìní ilé. Ilé tí ìjọba fi ń gba àwọn aláìnílé ni wọ́n ń sùn. Ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ P.S. 116 tí ọmọ náà ń lọ ní ẹgbẹ́ ṣẹ́ẹ̀sì, ṣùgbọ́n owó ni wọ́n fi ń wọ ẹgbẹ́ náà. Ìyá rẹ̀ kọ ìwé sí wọn pé àwọn kò lówó. Wọ́n sì ní kí ọmọ náà máa bọ̀ lọ́fẹ̀ẹ́. Kò ju ọdún kan àti díẹ̀ lọ, ní oṣù kẹta 2019, nígbà tí ó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́jọ, ó gba ife-ẹ̀yẹ ti ìpínlẹ̀ New York fún àwọn ọmọ kíláàsì kẹta sí ìsàlẹ̀, ẹnikẹ́ni kò sì lè borí rẹ̀. Àwọn aláàánú dá owó tí ó ju 200,000 dọ́là lọ fún wọn. Ìdílé náà fi owó yìí dá àjọ sílẹ̀ láti máa ran àwọn ẹlòmíràn lọ́wọ́. Ní 2021, kí ó tó pé ọmọ ọdún mọ́kànlá, ó ti gba oyè National Master ti Amẹ́ríkà. Ẹ̀yin olùkọ́, ẹ wo ibi tí ọ̀rọ̀ yìí gbé rọ̀ mọ́. Bí ó bá ṣe pé wọ́n ní kí ìyá náà lọ mú owó wá ńkọ́? Àwa tí a rí ohun tí ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ṣe ní ilẹ̀ yìí láti 1955 kò nílò ẹni tí yóò túmọ̀ rẹ̀ fún wa.

Ẹnìkejì ni Tunde Onakoya. Ìkòròdú ni ó ti dàgbà, ìsọ̀ onígbàjámọ̀ ni ó sì ti kọ́ ṣẹ́ẹ̀sì. Nígbà tí kò sí owó ilé-ìwé, ìyá rẹ̀ gbà láti máa gbá ilé-ìwé kí ọmọ rẹ̀ lè kàwé níbẹ̀. Ní 2018 ó dá Chess in Slums Africa sílẹ̀, ó sì ń kọ́ àwọn ọmọ tálákà ní Mákòkó àti àwọn ọmọ ìgboro Òṣòdì. Ní oṣù kẹrin 2024 ó jókòó ní Times Square, ní New York, ó ta ṣẹ́ẹ̀sì fún wákàtí 60, kí ó lè rí owó ẹ̀kọ́ fún àwọn ọmọ. Kò pẹ́ tí àwọn ará Norway fi ta tiwọn ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ní 2025 òun àti Shawn Martinez padà lọ, wọ́n ta á fún wákàtí 64. Òótọ́ ni pé ìfaradà ni èyí, kì í ṣe oyè ọ̀ta. Ṣùgbọ́n nínú ohun tí ó ṣe fún àwọn ọmọ Mákòkó, àwa kò mọ Grandmaster tí a lè fi wé e.

Òṣogbo ti rí irú èyí rí. Ní àkókò 1962 sí 1964, ní Mbari Mbayo, wọ́n ṣí ilẹ̀kùn fún àwọn ọ̀dọ́ tí kò kàwé nípa iṣẹ́ ọnà, wọ́n sì fún wọn ní ọ̀dà àti bébà. Twins Seven-Seven, Jimoh Buraimoh àti Muraina Oyelami ti ibẹ̀ di ẹni tí ayé mọ̀. Iléṣà náà kò dúró de ẹnikẹ́ni nígbà tí Ẹgbẹ́ Àtúnlùṣe dá Ilésà Grammar School sílẹ̀ ní 1934.

A mọ̀ pé olùkọ́ mìíràn yóò ní eré ni èyí, ìwé ni kí ọmọ kà. A kò sọ pé ṣẹ́ẹ̀sì yóò mú ọmọ yege nínú ìṣirò. Ohun tí a ń béèrè kò ju wákàtí kan lọ́sẹ̀ lẹ́yìn tí agogo bá ti lù, láìgba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ òbí kankan. Páálí àti yíǹkì tó láti fi ya pátákó. Ní ti àwọn ọmọ rẹ̀, àwọn agbẹ́gilére Òṣogbo ti ń gbẹ́ ọba àti ẹlẹ́ṣin kí a tó gbọ́ orúkọ ṣẹ́ẹ̀sì. Lẹ́yìn èyí, kí ilé-ìwé Òṣogbo kan pe ti Iléṣà kan níjà, kí olùkọ́ sì ní ìwé kan lọ́wọ́, níbi tí yóò máa kọ orúkọ ọmọ kọ̀ọ̀kan àti gbogbo bí ó ti ta ayò rẹ̀ sí.