Ìbọn tí wọ́n rà lórí íntánẹ́ẹ̀tì ní Amẹ́ríkà kì í dé ẹnu ọ̀nà ẹni tó rà á

Ẹni tó bá ní ẹbí ní Amẹ́ríkà á ti gbọ́ irú ọ̀rọ̀ yìí lórí fóònù rí: pé lọ́hùn-ún, bí èèyàn ṣe ń ra bàtà lórí íntánẹ́ẹ̀tì náà ló ṣe ń ra ìbọn. Òótọ́ wà nínú rẹ̀, àmọ́ kò pé. Lóòótọ́, èèyàn lè jókòó sílé rẹ̀ ní Texas tàbí ní Ohio, kó ṣí fóònù, kó yan ìbọn tó wù ú, kó sì fi káàdì báńkì sanwó. Bàtà á wá bá a nílé. Ìbọn kò ní wá. Ọ̀dọ̀ oníṣòwò mìíràn tó ní ìwé àṣẹ ìjọba àpapọ̀ ni wọ́n máa fi í ránṣẹ́ sí, ẹni tó rà á ni yóò sì lọ bá a níbẹ̀, kó kọ fọ́ọ̀mù, kí wọ́n yẹ orúkọ rẹ̀ wò, kó tó gbé e.

Ìdí tí a fi ń kọ èyí sójú ìwé yìí kò jìnnà. Ọ̀pọ̀ ọmọ Kétu, Ṣábẹ̀ àti Àjàṣẹ́ ni lọ́tìrì físà ti gbé dé Amẹ́ríkà. Àwọn kan nínú wọn jẹ́ ọmọ ọdẹ, tí wọ́n mọ ìbọn kí wọ́n tó mọ ìwé. Ohun tí kò ní wàhálà nílé bàbá wọn lè sọ wọ́n sẹ́wọ̀n lọ́hùn-ún, bí wọn ò bá mọ ọ̀nà tí ìbọn ń gbà.

Kò rí bẹ́ẹ̀ látilẹ̀ wá. Ṣáájú 1968, inú ìwé ìròyìn ni àwọn olùtajà ti ń polówó ìbọn. Èèyàn á gé fọ́ọ̀mù kékeré inú rẹ̀, á fi owó ránṣẹ́, wọ́n á sì fi ìbọn ránṣẹ́ sí i. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni Lee Harvey Oswald ṣe ní oṣù kẹta 1963. Orúkọ tí kì í ṣe tirẹ̀, A. Hidell, ló kọ. Àpótí ìfìwéránṣẹ́ kan ní ìlú Dallas ló ní kí wọ́n fi í sí. Ilé ìtajà Klein's ní Chicago sì fi ìbọn ológun ilẹ̀ Ítálì kan ránṣẹ́ sí i. Owó ìbọn náà pẹ̀lú awò orí rẹ̀ jẹ́ dọ́là 19.95, nígbà tí wọ́n fi owó ìfiránṣẹ́ kún un, ó di 21.45. Ẹni tó ta á kò rí ojú ẹni tó rà á. Ní ọjọ́ 22 oṣù kọkànlá ọdún yẹn ni ìbọn náà pa Ààrẹ John F. Kennedy.

Aṣòfin Thomas Dodd láti Connecticut ti ń pariwo nípa irú ìtajà yìí kí ó tó ṣẹlẹ̀. Síbẹ̀, ó tó nǹkan bí ọdún márùn-ún kí òfin tó jáde, lẹ́yìn tí wọ́n ti pa Martin Luther King ní oṣù kẹrin 1968, tí wọ́n sì ti pa Robert Kennedy ní oṣù kẹfà. Ọjọ́ 22 oṣù kẹwàá ọdún náà ni Ààrẹ Lyndon Johnson fọwọ́ sí i.

Òfin náà kò ní kí wọ́n má ta ìbọn o. Ohun tó ṣe ni pé ó gbé ènìyàn kan sáàárín. Ìbọn tó bá fẹ́ kọjá láti ìpínlẹ̀ kan sí òmíràn kò gbọdọ̀ lọ tààrà sọ́wọ́ aráàlú. Ọ̀dọ̀ oníwèé àṣẹ tó wà ní ìpínlẹ̀ ẹni tó rà á ló ti máa dúró. Iléeṣẹ́ ìjọba tí wọ́n ń pè ní ATF ló ń fún wọn níwèé. Dọ́là 200 ni oníṣòwò máa san fún ọdún mẹ́ta àkọ́kọ́, yóò sì máa san 90 nígbà tó bá ń tún un ṣe. Ẹ má rò pé ilé ìtajà ńláńlá nìkan ló ní in. Ẹni tó ń tún ìbọn ṣe lè ní in, ẹni tó ń yáni lówó lórí ohun ìdógò náà ní irú tirẹ̀.

Ká ní ọkùnrin kan ní Ohio rí ìbọn ọdẹ kan lórí ìkànnì ilé ìtajà tó wà ní Texas. Bó ṣe ń sanwó, ìkànnì náà á bi í pé oníwèé àṣẹ wo ló wà nítòsí rẹ̀. Ọlọ́gbọ́n oníbàárà á ti kọ́kọ́ pe oníṣòwò náà, torí kò sí òfin tó sọ pé dandan ni kó gba ẹrù tí wọ́n rà níbòmíràn. Àwọn mìíràn kì í gbà, wọ́n fẹ́ kó o ra tiwọn. Àwọn tó ń gbà á máa ń gba owó iṣẹ́ tó sábà ń wà láàárín dọ́là 20 sí 50. Ọ̀pọ̀ ẹni tó rò pé òun rí ìbọn tó dínwó lórí íntánẹ́ẹ̀tì, orí káńtà ni wọ́n ti ń san ìyókù.

Oníṣòwò Ohio yóò fi ẹ̀dà ìwé àṣẹ rẹ̀ ránṣẹ́ sí ti Texas. Ti Texas á wọ ìkànnì ATF tó ń jẹ́ eZ Check, á tẹ nọ́ńbà inú ìwé náà, á wò ó bóyá ó ṣì ń ṣiṣẹ́, àti bóyá àdírẹ́sì inú rẹ̀ bá èyí tí wọ́n fún un mu. Àdírẹ́sì yẹn ni ìbọn ń lọ. Ní Texas, wọ́n á kọ sínú ìwé pé ó ti jáde. Ní Ohio, kí ọjọ́ iṣẹ́ tó tẹ̀lé e tó parí, wọ́n á kọ ọ́ pé ó ti wọlé: iléeṣẹ́ tó ṣe é, irú rẹ̀, nọ́ńbà tí wọ́n gbẹ́ sára irin rẹ̀, àti ọ̀dọ̀ ẹni tó ti wá.

Àwọn tó ń gbé ẹrù náà ní òfin tiwọn. Ní 1927 ni òfin kan ti lé ìbọn ìléwọ́ àwọn aráàlú kúrò nínú ẹrù ilé ìfìwéránṣẹ́ ìjọba. UPS àti FedEx kì í gba ìbọn lọ́wọ́ ẹni tó kàn gbé e wọlé wá; oníwèé àṣẹ tó ti bá wọn tọwọ́ bọ̀wé ni wọ́n ń bá ṣe é, àgbàlagbà ló sì gbọ́dọ̀ fọwọ́ sí i nígbà tó bá dé. Ohun kan wà níbẹ̀ tó pa mí lẹ́rìn-ín: òfin kò gbà kí wọ́n lẹ ìwé mọ́ ara àpótí náà pé ìbọn wà nínú rẹ̀. Olè náà mọ̀wé kà.

Irin kan ṣoṣo lára ìbọn, èyí tó ń gba nọ́ńbà, ni òfin kà sí ìbọn. Igi ìdí rẹ̀ àti irin gígùn tí ọta ń gbà jáde lè lọ sí ilé ẹnikẹ́ni. Àyè yìí ni àwọn kan gbà tí wọ́n fi ń ta irin tí kò tíì parí, kí oníbàárà fúnra rẹ̀ lù ú parí nílé, láìsí nọ́ńbà, láìsí ìwé. ATF ṣe ìlànà lé e lórí ní 2022, Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ sì ti ìlànà náà lẹ́yìn ní oṣù kẹta 2025.

Ẹ jẹ́ ká padà sí ọ̀rọ̀ oníbàárà wa. Nígbà tó bá dé orí káńtà, yóò fi káàdì ìdánimọ̀ ìjọba tó ní fọ́tò àti àdírẹ́sì rẹ̀ hàn, yóò sì kọ fọ́ọ̀mù 4473. Fọ́ọ̀mù náà kì í fi bò. Ṣé wọ́n ti dá ọ lẹ́bi ọ̀ràn ńlá rí? Ṣé o ń mu igbó? Ó tiẹ̀ kìlọ̀ pé ìdáhùn kò yí padà bí ìpínlẹ̀ tí o ń gbé bá gbà kí wọ́n mu ún. Ṣé o ti lu ìyàwó rẹ, tí ilé ẹjọ́ sì dá ọ lẹ́bi? Ìbéèrè tó wà lókè pátápátá ni pé: ṣé ìwọ gan-an lo ń ra ìbọn yìí?

Lẹ́yìn èyí, oníṣòwò á kàn sí ètò àyẹ̀wò tí FBI ń bójú tó, tó bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 30 oṣù kọkànlá 1998. Ìdáhùn lè jẹ́ "máa lọ", ó lè jẹ́ "rárá", ó sì lè jẹ́ "ẹ dúró". "Ẹ dúró" yìí ló ń dá àríyànjiyàn sílẹ̀, torí bí ọjọ́ iṣẹ́ mẹ́ta bá kọjá láìsí èsì, òfin ìjọba àpapọ̀ gba oníṣòwò láyè láti gbé ìbọn fún oníbàárà. Bí ọ̀dọ́kùnrin funfun kan ṣe rí ìbọn gbà nìyẹn, tó sì lọ pa èèyàn dúdú mẹ́sàn-án nínú ṣọ́ọ̀ṣì ní Charleston ní oṣù kẹfà 2015. FBI gbà lẹ́yìn náà pé kò yẹ kí ìbọn náà bọ́ sí i lọ́wọ́. Láti 2022, àyẹ̀wò ẹni tí kò tíì pé ọdún 21 lè gùn tó ọjọ́ iṣẹ́ mẹ́wàá. Àwọn ìpínlẹ̀ mìíràn le ju èyí lọ; ní California, ọjọ́ mẹ́wàá ni gbogbo èèyàn ń dúró.

Ìbéèrè tó wà lókè fọ́ọ̀mù yẹn ni mo fẹ́ kí àwọn ará wa fetí sí jù, torí ọ̀ràn ẹbí ni. Ní 2009, ọ̀gbẹ́ni Bruce Abramski, ẹni tó ti ṣe ọlọ́pàá rí ní Virginia, gbà láti bá arákùnrin òbí rẹ̀ tó ń gbé ní Pennsylvania ra ìbọn ìléwọ́, torí wọ́n máa ń dínwó fún ọlọ́pàá. Àbúrò òbí tàbí ẹ̀gbọ́n òbí, bàbá náà ni ní èdè tiwa. Bàbá yìí fi ṣẹ́ẹ̀kì dọ́là 400 ránṣẹ́ sí i. Abramski ra ìbọn náà, ó sì kọ sínú fọ́ọ̀mù pé òun gan-an ni òun ń rà á. Lẹ́yìn náà, ó gbé e lọ sọ́dọ̀ oníwèé àṣẹ ní Pennsylvania, wọ́n yẹ bàbá náà wò, kò ní àbùkù kankan, wọ́n sì gbé ìbọn fún un. Ta ló wá ṣẹ̀? Ní oṣù kẹfà 2014, adájọ́ márùn-ún nínú mẹ́sàn-án ní Ilé-ẹjọ́ Gíga Jùlọ sọ pé Abramski ló ṣẹ̀: owó ẹlòmíràn ló fi rà á, ó sì parọ́ lórí ìwé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn méjèèjì ló lè ní ìbọn lábẹ́ òfin.

Bí ó bá jẹ́ pé owó tirẹ̀ ló fi rà á láti fi ta bàbá náà lọ́rẹ, kì bá tí sí ẹ̀ṣẹ̀ nínú ìdáhùn rẹ̀. Láti 2022, ẹni tó bá ra ìbọn fún ẹni tí òfin dè lọ́nà, tàbí tó mọ̀ pé ọ̀ràn ni wọ́n fẹ́ fi dá, lè lọ sẹ́wọ̀n ọdún 15. Nítorí náà, bí ọmọ ìlú rẹ bá ní kí o bá òun ra ọ̀kan nítorí pé ìwé tòun kò tíì pé, má ṣe dá a lóhùn "ó dáa".

Ìwé ìgbélùú ń kó ipa tirẹ̀. Ẹni tó ní káàdì ewé, ìyẹn ìwé olùgbé títí láé, lè ra ìbọn bí ọmọ ìlú. Ẹni tó wá pẹ̀lú físà akẹ́kọ̀ọ́ tàbí físà àbẹ̀wò kò lè rà á, àfi bó bá wà lára àwọn tí òfin yọ sọ́tọ̀, bíi ẹni tó ní ìwé àṣẹ ọdẹ láti ìpínlẹ̀ kan níbẹ̀. Ẹni tí kò ní ìwé rárá kò gbọdọ̀ fọwọ́ kan ìbọn tàbí ọta.

Ohun tó kù ni ti àwọn tó ń rò pé àwọn lè ki ọ̀kan sínú dúrọ́ọ̀mù aṣọ tàbí sínú ọkọ̀ tí wọ́n fẹ́ fi ránṣẹ́ sí èbúté Kùtọnú tàbí Lomé, láti fi ta bàbá ọdẹ lọ́rẹ. Ìwé àṣẹ oníṣòwò abẹ́lé kò kan èyí rárá. Ẹni tó bá fẹ́ kó ìbọn jáde gbọ́dọ̀ gba àṣẹ ìjọba Amẹ́ríkà lọ́tọ̀, ó sì gbọ́dọ̀ sọ fún iléeṣẹ́ ọkọ̀ ní kíkọ pé ìbọn ló wà nínú ẹrù. Lódì kejì, àdéhùn CEDEAO ti 2006 ka kíkó irú ìbọn bẹ́ẹ̀ wọlé léèwọ̀, àfi bí ìjọba bá gba ìyọ̀ǹda. Bí ọwọ́ bá sì tẹ ìbọn náà, tí wọ́n fi nọ́ńbà ara irin rẹ̀ ránṣẹ́ sí ATF ní ìlú Martinsburg ní West Virginia, àwọn òṣìṣẹ́ ibẹ̀ á pe iléeṣẹ́ tó ṣe é, iléeṣẹ́ náà á dárúkọ oníṣòwò tó tà á fún, oníṣòwò á ṣí ìwé rẹ̀, á sì ka orúkọ ẹni tó fọwọ́ sí 4473 sí wọn létí.